Kodi Smit-McPhee: ṣé ọmọ kékeré inú The Road náà ló dàgbà di èyí?

Àbẹ̀ní_Mọ́kọ́lá
Ẹ kú alẹ́ o, ẹ̀yin ará mi. Alẹ́ àná ni mo wo The Power of the Dog, fíìmù Jane Campion tó jáde ní 2021. Ọmọkùnrin kan wà nínú rẹ̀, Peter lorúkọ rẹ̀, ó ga fíofío, ó sì tín-ín-rín. Mo ń wo ojú rẹ̀, mo ń sọ lọ́kàn mi pé mo mọ ọmọ yìí níbì kan. Àfìgbà tí orúkọ àwọn òṣèré bẹ̀rẹ̀ sí í kọjá ni mo tó fò dìde: Kodi Smit-McPhee! Ọmọdé tó ń tẹ̀lé bàbá rẹ̀ lójú títì nínú The Road ni, èyí tí mo wò nígbà tí mo lóyún ọmọ mi, tí mo sunkún títí ojú mi fi wú.

Ìdí tí mo fi wá bi yín nìyí. Ọmọ tí mo lóyún rẹ̀ nígbà náà ti pé ọdún mọ́kànlá. Wọ́n fi í ṣe eré kan lọ́dún tó kọjá, ó ṣe é dáadáa, wọ́n tún ti ń wá a. Ẹni tí mo bá sì sọ fún, ohun kan náà ni wọ́n ń sọ: ọmọ tó bá tètè di òṣèré kì í bá iṣẹ́ náà dàgbà, tí ojú ọmọdé bá ti kúrò, kò sẹ́ni tó máa pè é mọ́. Báwo ni ọmọ Australia yìí ṣe wá là á já? Ẹ tú u palẹ̀ fún mi, ẹ jọ̀ọ́.

Alàgbà_Sinimá
Àbẹ̀ní ọmọ mi, òun gan-an ni. Jẹ́ kí n fi ọjọ́ orí rẹ̀ ṣe é fún ọ, torí ibẹ̀ lọ̀rọ̀ wà.

Adelaide ní South Australia ni wọ́n ti bí i, ọjọ́ 13 oṣù Kẹfà 1996. Bàbá rẹ̀, Andy McPhee, ti ja ìjàkadì rí kó tó di òṣèré. Sianoa, ẹ̀gbọ́n rẹ̀ obìnrin, òṣèré ni òun náà. Ilé eré ni wọ́n bí i sí.

Fíìmù tó gbé e jáde ni Romulus, My Father, ní 2007. Richard Roxburgh tí gbogbo Australia mọ̀ sí òṣèré ló darí rẹ̀, ìgbà àkọ́kọ́ tí yóò darí fíìmù nìyẹn. Ìtàn ìgbà èwe Raimond Gaita ni: bàbá tó ṣí kúrò ní Yúróòpù wá dáko ní ìpínlẹ̀ Victoria ní Australia, ìyá tí ọkàn rẹ̀ kò balẹ̀, tó ń lọ tó ń bọ̀, àti ọmọ kan láàárín wọn. Eric Bana ṣe bàbá, Franka Potente ṣe ìyá. Ọmọ ọdún 10 ni Kodi nígbà tí fíìmù náà dé ilé sinimá. Ẹgbẹ́ AFI, tó ń fún àwọn onífíìmù Australia ní àmì-ẹ̀yẹ, fún un ní ti ọ̀dọ́ òṣèré lọ́dún yẹn, fíìmù náà sì gba ti fíìmù tó dára jù.

Mo ti wo fíìmù yẹn tó ẹ̀ẹ̀mẹ́ta. Ọmọ náà kì í ṣe ojú àánú sí wa. Ó kàn ń wo àwọn àgbà ni. Wọ́n ń jà, ó ń wò. Ìyá rẹ̀ jókòó láìsọ nǹkan kan, ó ń wò. Ọmọdé púpọ̀ ni wọ́n máa ń gbà síṣẹ́ torí pé ẹ̀rẹ̀kẹ́ wọn dùn ún wò. Èyí tó ń wo ènìyàn ni wọ́n gbà ní tirẹ̀, ojú tí wọ́n sì fi ń wo ènìyàn kì í bá ọjọ́ orí lọ.

Akẹ́kọ̀ọ́_Eré
Ẹ ṣeun, bàbá. Ẹ jẹ́ kí n fi The Road lé e, torí òun ni mo fi ṣe iṣẹ́ àṣetiléwá ní yunifásítì.

Ọmọ Australia mìíràn, John Hillcoat, ló darí rẹ̀. Inú ìwé Cormac McCarthy ni wọ́n ti mú un. Ayé ti jóná, oúnjẹ ti tán, bàbá kan àti ọmọ rẹ̀ ń ti kẹ̀kẹ́ ọjà lọ sí etí òkun. Viggo Mortensen ni bàbá. Ní 2008 ni wọ́n ya á, ọ̀pọ̀ rẹ̀ ní Pennsylvania ní Amẹ́ríkà, nígbà òtútù. Ọmọ ọdún 11 ni Kodi.

Ibì kan wà níbẹ̀ tí mo máa ń dá padà. Bàbá rí agolo kóòkì kan ṣoṣo nínú ẹ̀rọ tí wọ́n fi ń tà á, ó ṣí i fún ọmọ. Ọmọ yìí kò mu kóòkì rí láyé rẹ̀. Ó tọ́ ọ wò, ó gbọ́ bó ṣe ń hó lẹ́nu rẹ̀, ó sì ní kí bàbá òun náà mu. Bàbá ní òun fẹ́ kó mu ún tán. Ẹ wá wo ojú ọmọ yẹn níbẹ̀. Ó ti yé e pé òun kò tún ní rí irú rẹ̀ mọ́, ó sì yé e pé bàbá òun mọ̀ bẹ́ẹ̀. Kò sunkún. Ó dì í mú díẹ̀ kó tó mu ún. Àgbàlagbà mélòó ló lè ṣe ìyẹn láìfi ẹnu sọ ọ́?

Tèmi_Yàtọ̀
Mo bá yín yọ̀ o, ṣùgbọ́n ẹ jẹ́ kí n sọ tèmi. Ẹ ní ó dàgbà. Dàgbà wo? Ẹ ka ipa rẹ̀ pẹ̀lú mi. Romulus: ọmọ. The Road: ọmọ, wọn ò tilẹ̀ fún un lórúkọ. Let Me In ní 2010: ọmọ tí àwọn òbí rẹ̀ ń kọ ara wọn sílẹ̀. Dawn of the Planet of the Apes ní 2014: ọmọ Jason Clarke, ó jókòó sínú igbó ó ń ya àwòrán. The Power of the Dog: ọmọ Kirsten Dunst. Disclaimer tí Alfonso Cuarón darí ní 2024: ọmọ Cate Blanchett. Ó ti lé lọ́dún 25, ó ṣì ń ṣe ọmọ ẹlòmíràn! X-Men: Apocalypse nìkan ló ti kúrò nínú rẹ̀ ní 2016, níbi tó ti ṣe Nightcrawler, ẹ̀dá abàmì kan, wọ́n sì fi ọ̀dà búlúù bo gbogbo ara rẹ̀ débi pé ẹ kò lè rí ojú tí ẹ̀ ń yìn yẹn.

Mi ò sọ pé kò mọ̀ ọ́n ṣe. Ohun tí mò ń sọ fún Àbẹ̀ní ni pé ká má pe ohun tí kò tíì parí ní ohun tó ti parí.

Nọ́ọ̀sì_Adelaide
Àǹtí Àbẹ̀ní, ẹ kú iṣẹ́ òbí. Èmi ń gbé Adelaide níbí, nọ́ọ̀sì ni mí, mo sì fẹ́ sọ ohun kan tí ẹnikẹ́ni kò tíì mẹ́nu bà.

Nígbà tí ọmọ yìí pé ọdún 16, wọ́n sọ fún un pé ó ní àìsàn tí wọ́n ń pè ní ankylosing spondylitis. Òun fúnra rẹ̀ ti sọ ọ́ ní gbangba. Àìsàn oríkèé ni, ìdí ẹ̀yìn àti ọ̀pá ẹ̀yìn ló máa ń gbà mú. Ara á wú níbi tí egungun ti pàdé egungun, tó bá wá pẹ́, egungun tuntun á hù sí àárín wọn, wọ́n á lẹ̀ pọ̀, ẹ̀yìn á sì gan. Àwọn ọ̀dọ́ ló máa ń mú jù. Àárọ̀ ló máa ń burú jù, torí tí onítọ̀hún bá sinmi pẹ́, ara á le. Tó bá dìde tó ń rìn, á tú díẹ̀. Àwọn tí mò ń tọ́jú tó ní in máa ń sọ fún mi pé àtibọ́ sílẹ̀ lórí bẹ́ẹ̀dì gan-an jẹ́ iṣẹ́. Ojú òsì rẹ̀ pẹ̀lú kò ríran, ìpẹ́pẹ́ ló bò ó.

Ọdún 16 ni gbogbo ọmọ òṣèré máa ń dé oríta yẹn. Ohùn ti ń yí, ara ti ń gùn. Tirẹ̀ wá ní ìrora nínú. Mo mọ bí òru ṣe ń gùn fún irú àwọn ọmọ bẹ́ẹ̀. Nígbà tí mo wá rí i nínú Alpha, fíìmù 2018 yẹn, tó ń gun òkè tó ń wọ inú yìnyín pẹ̀lú ìkookò, ńṣe ni mo dá a dúró, mo sì gbàdúrà fún un.

Àbẹ̀ní_Mọ́kọ́lá
Ha! Nọ́ọ̀sì, mi ò gbọ́ èyí rí. Ẹ ṣeun gan-an ni. Ọdún 16!

Kí ni Alpha yẹn dá lé?

Nọ́ọ̀sì_Adelaide
Yúróòpù ní ẹgbẹ̀rún lọ́nà ogún ọdún sẹ́yìn ni. Olórí àwọn ọdẹ mú ọmọ rẹ̀, Keda, lọ sóko ọdẹ fún ìgbà àkọ́kọ́. Ẹfọ̀n gbé ọmọ náà jù sí bèbè òkè, wọ́n rò pé ó ti kú, wọ́n fi í sílẹ̀. Òun àti ìkookò kan tó fi ọ̀bẹ gún ni wọ́n jọ rìn padà sílé. Èdè tí wọ́n ṣẹ̀dá fún fíìmù náà ni wọ́n sọ, ẹ ó máa ka àkọlé ìsàlẹ̀. Chuck ni orúkọ ajá tó ṣe ìkookò yẹn, ẹ̀yà tí wọ́n fi ìkookò àti ajá bí ni.

Akẹ́kọ̀ọ́_Eré
Bọ̀dá Tèmi_Yàtọ̀, ẹ má bínú, àkójọ yín yẹn gan-an ni mo fẹ́ fi dá yín lóhùn. Òótọ́ ni, ọmọ ẹlòmíràn ni káàkiri. Ṣùgbọ́n ẹ wo irú ọmọ tó jẹ́ níbi kọ̀ọ̀kan.

Nínú The Road, bàbá ló ń ṣọ́ ọmọ. Ó kọ́ ọ bí a ṣe ń di ìbọn mú, ó ń gbé e, ó ń fi ara bò ó. Nínú Alpha, bàbá ò sí lọ́dọ̀ rẹ̀, ọmọ ló ń bọ́ ara rẹ̀. Ẹ wá dé The Power of the Dog. Kí a tó rí ẹnikẹ́ni, ohùn Peter la kọ́kọ́ gbọ́: bàbá òun ti kú, irú ọkùnrin wo ni òun ìbá jẹ́ tí òun kò bá ran ìyá òun lọ́wọ́? Ọmọ ló wá di ẹni tó ń ṣọ́ òbí. Ọ̀nà tó wà láàárín méjèèjì yẹn ni ọmọdé fi ń di àgbà, kò sì síbì kan tó ti fò ó. Ọdún 10, 11, 14, 18, 25: ipa tó bá ọdún kọ̀ọ̀kan mu ló ń ṣe.

Ẹ tún wo Slow West ní 2015. Ọmọ ọdún 16 láti Scotland, ó la Colorado kọjá, ó ń wá ọmọbìnrin tó fẹ́ràn. Òbí rẹ̀ kankan kò bá a lọ. Michael Fassbender ló ń tẹ̀ lé e láti dáàbò bò ó, síbẹ̀ ọmọ yìí ló ń kọ́ àgbàlagbà náà ní inú rere. Fíìmù náà gba ẹ̀bùn tó ga jù ní Sundance, àjọ̀dún fíìmù kan ní Amẹ́ríkà, láàárín àwọn eré tó wá láti òkè òkun. Ó yà mí lẹ́nu pé New Zealand ni wọ́n ti ya Colorado yẹn, New Zealand náà ni wọ́n sì ti ya Montana inú The Power of the Dog.

Tèmi_Yàtọ̀
Ó wọ̀ mí létí. Ti ohùn ìbẹ̀rẹ̀ yẹn, mi ò rántí rẹ̀ rárá. N ó padà lọ wò ó.

Àlàkẹ́_Peckham
Ẹ jọ̀ọ́ o, ẹ má tú ìparí rẹ̀ síta! Sátidé ni èmi àti ọkọ mi fẹ́ wò ó.

Alàgbà_Sinimá
A ò ní tú u, Àlàkẹ́. Ọwọ́ rẹ̀ ni kí ẹ máa wò, ohun tí mo lè sọ nìyẹn.

Níbẹ̀rẹ̀, ó fi bébà ṣe òdòdó sórí tábìlì ní ilé oúnjẹ ìyá rẹ̀. Ó gé e wẹ́wẹ́, ó ká a, ó tò ó sínú ìgò, ó dára bí ojúlówó. Phil, darandaran tí Benedict Cumberbatch ṣe, ti ìka bọ inú òdòdó náà, ó fi í ṣe ẹlẹ́yà lójú gbogbo ènìyàn, ó sì fi iná ràn án láti fi tan sìgá. Peter gba ẹ̀yìnkùlé jáde lọ yí hùlá-húùpù mọ́ ìdí, kíákíá, láìrẹ́rìn-ín. Ẹ ó rí i bákan náà bó ṣe máa ń mú kóòmù, tó ń fi èékánná ha eyín rẹ̀ lọ bọ̀, tí yóò máa dún *rìì, rìì*. Ohùn kékeré yẹn ló máa ń mú kí ara mi ṣọ́ra. Ó tún wá kọjá láàárín àgọ́ àwọn darandaran, wọ́n ń súfèé sí i, wọ́n ń pe orúkọ burúkú mọ́ ọn. Ó rìn lọ, ó wo ẹyẹ inú igi, ó tún rìn kọjá níwájú wọn padà. Kò yára. Ẹni tó ti ń wo àwọn àgbà láti ìgbà Romulus ló lè rin ìrìn yẹn.

Fíìmù náà, ìsọ̀rí 12 ni wọ́n yàn án fún ní Oscar ọdún 2022, Campion nìkan ló gba tirẹ̀, ti olùdarí. Kodi wà lára àwọn tí wọ́n yàn fún òṣèré amúgbálẹ́gbẹ̀ẹ́, Troy Kotsur inú CODA ló gbà á. Ṣùgbọ́n Golden Globe ti kọ́kọ́ fún Kodi ní tiwọn ní oṣù Kìíní.

Akẹ́kọ̀ọ́_Eré
Bàbá, ẹ jẹ́ kí n fi kan kún un nípa Campion. Òun náà ló darí The Piano ní 1993. Anna Paquin, ọmọ New Zealand tí kò ṣeré rí, ló ṣe ọmọbìnrin inú rẹ̀, ó sì gba Oscar ní 1994. Ọmọ ọdún 11 ni, ọjọ́ orí ọmọ Àǹtí Àbẹ̀ní gan-an. Paquin náà bá iṣẹ́ náà dàgbà, òun ló ṣe Rogue nínú X-Men ní 2000.

Àbẹ̀ní_Mọ́kọ́lá
Mo ti ń ka gbogbo rẹ̀ fún ọkọ mi látàná. N ó wá sọ ohun tó wà nísàlẹ̀ ìbéèrè mi.

Ibi tí wọ́n ti ya eré àkọ́kọ́ yẹn, wọ́n dá ọmọ mi dúró di aago kan òru. Wọ́n ní kí n lọ dúró níta, wọ́n ní òbí ń da ọkàn ọmọ rú. Nígbà tí mo wọlé, ọmọ ti sùn sórí àpò ṣìmẹ́ǹtì, ọ̀dà ojú rẹ̀ ti wọ ojú. Kò jẹun láti ọ̀sán. Wọ́n tún ti pè wá báyìí, owó náà ju ti tẹ́lẹ̀ lọ. Ọmọ fẹ́ lọ. Èmi ni kò lè sùn.

Nọ́ọ̀sì_Adelaide
Ó mà ṣe o, àǹtí mi. Ojú ọmọ ńkọ́?

Àbẹ̀ní_Mọ́kọ́lá
Ó pọ́n fún ọjọ́ mẹ́ta. Ó ti san.

Alàgbà_Sinimá
Àbẹ̀ní, ẹni tó bá ní kí ìyá lọ dúró níta, iṣẹ́ rẹ̀ kò mọ́. Mo sọ ọ́, mi ò kó o jẹ.

Níbi tí wọ́n ti ń ṣe é bó ṣe yẹ, òfin ló ń ṣọ́ ọmọ. Ní Victoria, tí ìtàn Romulus ti ṣẹlẹ̀, òfin kan wà láti 2003 pé wọn ò gbọdọ̀ gba ọmọ tí kò tíì pé ọdún 15 síṣẹ́ láìgba ìwé àṣẹ. Ti California ti pẹ́ jùyẹn. Jackie Coogan, ọmọdé tó bá Charlie Chaplin ṣe The Kid ní 1921, owó rẹ̀ pọ̀ tó fi dàgbà tó sì rí i pé ìyá rẹ̀ àti ọkọ ìyá rẹ̀ ti ná an tán. Ariwo tó ti ibẹ̀ jáde ló bí òfin 1939, tí wọ́n ń fi orúkọ rẹ̀ pè dòní. Lónìí, ìdá 15 nínú ọgọ́rùn-ún owó ọmọ ni wọ́n gbọ́dọ̀ kó pamọ́ sí báǹkì fún un títí yóò fi dàgbà.

Àwa tí ẹnikẹ́ni kò bá bá wa ṣọ́ ọ, ìwé àdéhùn ni kí o fi ṣe òfin tìrẹ. Kọ ọ́ sílẹ̀: wákàtí tí ọmọ máa lò, ìgbà tí ó máa jẹun, pé ìwọ tàbí bàbá rẹ̀ máa wà níbi tí ojú yín tó o, pé ìwé rẹ̀ kò ní dúró. Tí wọn ò bá bu ọwọ́ lù ú, má lọ.

Tèmi_Yàtọ̀
Mo bá bàbá sọ ọ́. Ẹ fi kún un pé kí wọ́n fún yín ní gbogbo ìwé eré náà kà tẹ́lẹ̀, kì í ṣe ojú ewé tirẹ̀ nìkan. Ẹ̀gbọ́n mi ń ṣe iṣẹ́ kámẹ́rà, ohun tó máa ń sọ fún àwọn òbí nìyẹn.

Mo sì ti wo ìbẹ̀rẹ̀ The Power of the Dog lẹ́ẹ̀kan sí i. Òótọ́ ni Akẹ́kọ̀ọ́ sọ. Mo dá a padà lẹ́ẹ̀mejì.

Àlàkẹ́_Peckham
Àǹtí Àbẹ̀ní, ẹ má tíì jẹ́ kó wo The Road o, á bà á lẹ́rù. ParaNorman ni kí ẹ fi hàn án, èyí tí wọ́n fi ọmọlangidi ṣe ní 2012. Kodi ló fún Norman ní ohùn, ọmọ tó ń rí òkú tó sì ń bá wọn sọ̀rọ̀. Àwọn ọmọ mi wò ó dójú àmì.

Àbẹ̀ní_Mọ́kọ́lá
Mo dúpẹ́ lọ́wọ́ gbogbo yín. A wo ParaNorman ní ìrọ̀lẹ́ àná, èmi àti ọmọ mi lórí àga kan. Láàárín rẹ̀ ló bi mí pé, "Mọ́mì, ta ló ń sọ̀rọ̀ yẹn?" Mo ní ọmọ Australia kan ni, pé ọmọ ọdún 16 ni nígbà tó jáde, ó sì ti bẹ̀rẹ̀ kó tó tó tìrẹ. Ó dákẹ́ títí, ó ní, "Ṣé mọ́mì rẹ̀ ń dúró níta?" Mi ò mọ ohun tí mo máa fi fèsì, mo kàn fà á mọ́ra.

Bàbá rẹ̀ ti kọ ìwé àdéhùn náà bí ẹ ṣe là á sílẹ̀: aago mẹ́fà ìrọ̀lẹ́ ni yóò máa kúrò, ọ̀kan nínú wa máa jókòó tì í, ìdá kan owó rẹ̀ máa lọ sí báǹkì lórúkọ rẹ̀. A fi ránṣẹ́ sí wọn láàárọ̀ yìí. Wọn ò tíì dáhùn.